Ẹ̀tù Òkú Tí Wọ́n Hú Nínú Yàrá Baba Wa

Jókòó, Nọ́fíù, má dúró sẹ́nu ọ̀nà bí ẹni tí kò mọ ilé yìí, àna lo jẹ́ níbí, ìwọ lo fẹ́ Lará àbúrò mi, àpótí tí o ń wò yẹn gan-an, ìwọ lo gbẹ́ ẹ fún baba wa kó tó kú. Jókòó, kí n sọ ohun tí ojú mi rí níjẹta fún ọ, nítorí mo ti sọ ọ́ fún gbogbo Òkè-Àgbò, mo ti sọ ọ́ fún àwọn ìjòyè, mo ti sọ ọ́ fún ògiri ilé, kò sì sí ẹni tó rí nǹkan kan ṣe sí i nínú wọn. Ìwọ ni mo ń retí.

Wọ́n gbẹ́ ilẹ̀ tí baba mi ń sùn sí. Oòrùn kò tíì ga, mo ń bó ẹ̀gẹ́ lọ́wọ́, Adémúyìwá ẹ̀gbọ́n mi ń pọ́n àdá lẹ́yìnkùlé, bẹ́ẹ̀ ni sójà mẹ́fà wọlé pẹ̀lú ògbufọ̀ kan. Wọn kò kí ẹnikẹ́ni. Wọn kò wo àjà, wọn kò wo ilé ìdáná, wọn kò bèèrè pé yàrá ta nìyí, yàrá ta nìyẹn, iwájú mi ni wọ́n gbà kọjá tí wọ́n bọ́ sí yàrá baba wa tààrà, bí ọkọ tó ti oko dé tó mọ ibi tí wọ́n gbé oúnjẹ rẹ̀ pamọ́ sí. Fi ìyẹn sọ́kàn. Màá padà síbẹ̀.

Ògbufọ̀ ló dúró tì mí. Ó ní ìjọba ti yan ìgbìmọ̀, ìgbìmọ̀ náà ti jókòó sí Àgọ́-Ìwòyè, wọ́n ń wá àwọn tó dáná sun ilé ìṣọ́ àwọn sójà lójú ọ̀nà tó lọ sí ìlú Òru, àwọn tó ń pa èrò ọ̀nà láyà láti ìgbà tí ogun òyìnbó ti parí. Ó ní òfin sì ti wí pé ẹni tó bá ní ẹ̀tù nílé ju ẹ̀kún ahá kan lọ, tí kò wá fi ẹnu ara rẹ̀ sọ ọ́, ọ̀kan náà ni òun àti àwọn tó dáná sunlé. Mo ní ẹ̀tù òkú ni. Ó wò mí láti òkè délẹ̀, ó ní, "Ìyá, ta ni òkú yín fẹ́ yìnbọn pa?" Àwọn sójà rẹ́rìn-ín. Mi ò rò pé wọ́n gbọ́ ohun tó sọ, wọ́n kàn rí i pé ibi tó yẹ kí àwọn ti rẹ́rìn-ín nìyẹn.

Ọkọ́ baba mi ni wọ́n fi gbẹ́ ẹ, Nọ́fíù, ọkọ́ tó fi dá oko obì tí gbogbo wa ń jẹ. Kí wọ́n tó rí àgbá ẹ̀tù mẹ́ta yẹn, wọ́n ti tú ilẹ̀ yàrá náà bí ẹlẹ́dẹ̀ ṣe ń tú oko ẹ̀gẹ́. Mo rí etí aṣọ rẹ̀. Ọdún kan àti oṣù mẹ́rin ló ti wà lábẹ́ ilẹ̀, mo sì rí etí aṣọ tí a fi dì í, èyí tí èmi fúnra mi pa láró. Okùn ewúrẹ́ ni wọ́n fi de Adémúyìwá. Kò jà. Ohun kan ṣoṣo ló sọ fún mi bí wọ́n ṣe ń tì í jáde, ó ní, "Àbíkẹ́, bo baba." Èmi nìkan sì ni mo bò ó, mi ò pe ẹnikẹ́ni, mi ò fẹ́ kí ojú ẹlòmíì tún rí i.

Àbí ẹ̀ṣẹ̀ wo la ṣẹ̀? Ìwọ náà mọ ohun tí ẹ̀tù yẹn wà fún. Akínbọ́lá kì í ṣe ẹni tí a ń sin bí ẹni sin adìyẹ. Ọdẹ ni, ológun ni, àwọn tó bá a jagun ló yẹ kó yìnbọn fún un lọ́jọ́ tí a bá parí ìsìnkú rẹ̀, bí ìbọn kò bá sì dún, ojú wo la fẹ́ fi máa rìn ní ìlú yìí? Ìdí nìyẹn tí o fi gbé àgbá mẹ́ta yẹn wá láti Ìwọ̀pin, nísàlẹ̀ agbọ̀n ẹja gbígbẹ, nígbà tí ẹnikẹ́ni kò tíì gbúròó òfin kankan. A dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ. Mo se obẹ̀ ẹja yẹn fún ọ, o jẹ ẹ́ tán, o ní kò sí obìnrin tó mọ ata lò tó mi ní gbogbo Àtìkórí tí o ti wá.

Ọjọ́ tí akéde ké òfin náà lọ́jà ńkọ́? Àbí o ti gbàgbé? Adémúyìwá ní òun á lọ sọ ọ́ fún wọn ní Àgọ́, kó lè sùn. Ta ló ní kó má lọ? Ta ló jókòó sórí àpótí yìí tó ní bí orúkọ ènìyàn bá ti wọ ìwé òyìnbó, kì í jáde mọ́? O ní ẹni tó bá sọ pé òun ní ẹ̀tù lónìí, òun ni wọ́n máa wá mú lọ́la tí ilé kan bá jó. Ọ̀rọ̀ yẹn jọ ọgbọ́n. Èmi náà gbà á. Nítorí náà má mi orí sí mi báyìí, mi ò tíì bá ọ wí.

Mo ti lọ sí Àgọ́. Àná ni mo lọ. Mo dúró nínú oòrùn títí wọ́n fi pè mí, òyìnbó kan, ìjòyè méjì, akọ̀wé kan tí kò gbójú sókè. Mo kúnlẹ̀, mo rò ó bó ṣe rí. Wọ́n ní ọmọ baba kan náà kò lè jẹ́rìí fún ara wọn níwájú ìgbìmọ̀. Wọ́n ní kí n mú ẹni tí kì í ṣe ẹ̀jẹ̀ wa wá, tó mọ ibi tí ẹ̀tù ti wá, tó sì mọ ohun tí wọ́n rà á fún. Ọ̀túnla ni wọ́n máa parí ọ̀rọ̀ rẹ̀. Bí ẹlẹ́rìí kò bá wá, Èkó ló ń lọ, ìwọ náà sì mọ iye àwọn tí wọ́n mú lọ sí Èkó tí a tún fojú rí. Ṣé o mọ̀ pé inú mi dùn nígbà tí wọ́n sọ bẹ́ẹ̀? Mo ní ọpẹ́ ni, Nọ́fíù wà, àna wa ni, kì í ṣe ẹ̀jẹ̀ wa, òun ló gbé e wá. Mo fẹ́rẹ̀ẹ́ sáré.

Ojú ọ̀nà ni mo wà tí mo fi ń bi ara mi pé ta ló sọ fún wọn.

Ọláwálé ni mo kọ́kọ́ rò. Ìwọ náà rò bẹ́ẹ̀? Ó dára. Ìjà ààlà oko ń bẹ láàárín àwa àti òun, láti ìgbà tó sì ti ń lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì, ó ti ń bá àwọn akọ̀wé jẹun. Ṣùgbọ́n Ọláwálé kò wọ yàrá baba mi rí láyé rẹ̀. Bó bá fẹ́ fẹ̀sùn kàn wá, yóò ní ẹ̀tù wà nílé Akínbọ́lá, kò ní í mọ ju bẹ́ẹ̀ lọ, àwọn sójà ì bá sì ti bẹ̀rẹ̀ láti orí àjà. Mo yọ ọ́ kúrò. Ẹni mẹ́rin ló mọ yàrá. Adémúyìwá, èmi, ìwọ, àti Baba Ọláfẹ́mi, ọ̀rẹ́ baba wa tó yẹ kó ṣáájú àwọn ayìnbọn. Àrùn sì ti gba ẹnu Baba Ọláfẹ́mi láti ìgbà ọ̀gbẹlẹ̀, kò lè sọ pé ebi ń pa òun.

Rárá, má búra. Má tíì mú Kùráánì sí i. Jẹ́ kí n parí.

O mọ igbá mi, èyí tí ẹ máa ń fi ṣe yẹ̀yẹ́ pé ọ̀kẹ́rẹ́ ni mo fẹ́ fi bọ́. Ọjọ́ ọjà kọ̀ọ̀kan, èkùrọ́ kan. Ọjọ́ tí nǹkan bá ṣẹlẹ̀ nínú ilé, mo fi òwú dì í. Ẹnikẹ́ni kò kọ́ mi. Àwọn tó mọ̀wé ń fi ìwé rántí, èmi ń fi èkùrọ́ rántí, mo sì lè sọ ọjọ́ tí eyín Lará àkọ́kọ́ yọ. Mo da igbá náà sílẹ̀ lálẹ́ àná. Ọjà mẹ́sàn-án sẹ́yìn lo gbé ẹ̀tù dé, tí o sì fi ọwọ́ ara rẹ gbẹ́ ilẹ̀ fún un lẹ́gbẹ̀ẹ́ ilẹ̀kùn yàrá, lọ́wọ́ òsì. Ọjà méje, akéde ké òfin. Ọjà márùn-ún, o bọ́ sí ọkọ̀ ojú omi, ó di Ìwọ̀pin. Ọjà mẹ́ta, ìjì ṣí koóko orí ilé níbẹ̀ gan-an, omi ń kán sílẹ̀, èmi àti Adémúyìwá bá hú àgbá mẹ́ta náà, a sì rì wọ́n síbi orí baba wa, níbi tí kì í tutù. Àwa méjì péré. A kò tíì rí ọ láti ìgbà náà.

Ṣé o mọ ibi tí àwọn sójà kọ́kọ́ gbẹ́?

Lẹ́gbẹ̀ẹ́ ilẹ̀kùn ni. Lọ́wọ́ òsì. Ẹni tó ṣáájú wọn na ọwọ́ síbẹ̀ kó tó wọlé tán. Wọ́n gbẹ́ ẹ jìn dé orúnkún, wọn kò rí nǹkan kan, inú bí wọn, ìgbà yẹn ni wọ́n wá tú gbogbo ilẹ̀ yòókù, tí wọ́n fi dé ọ̀dọ̀ baba mi.

Kí lo wí? Sọ ọ́ sókè, Nọ́fíù, mi ò gbọ́ ọ dáadáa.

O ní kí ló dé tí a fi gbé e kúrò níbẹ̀.

Jẹ́ kí n rẹ́rìn-ín díẹ̀, mi ò tíì rẹ́rìn-ín láti ìjẹta. Ẹ̀gbọ́n mi wà nínú okùn, etí aṣọ òkú rí oòrùn, ohun tó ń dùn ọ́ ni pé a ṣí ẹ̀tù nípò. Bí a bá ti fi í sílẹ̀ fún omi, wọn ì bá rí i kíákíá, wọn ì bá má fọwọ́ kan baba, àbí bẹ́ẹ̀ lo ṣe rò ó? O tilẹ̀ ro ti baba mọ́ ọn. Mo gbà. Mi ò pè ọ́ ní ìkà. Mo gbọ́ pé wọ́n ń tú ẹrù inú ọkọ̀ ní etí omi báyìí, wọ́n lè ti mú ọ, wọ́n lè ti bi ọ́ pé àwọn wo lo gbé ẹ̀tù fún rí, òfin wọn sì wí pé ẹni tó mọ̀ tí kò sọ, tirẹ̀ náà ti bá a. Ẹ̀rù lè mú ènìyàn ju bí ìrọbí ṣe ń mú obìnrin lọ. Bó bá rí bẹ́ẹ̀, ó rí bẹ́ẹ̀. Ohun tí mi ò mọ̀ ni ìdí tí o fi sọ ibi tí ẹ̀tù wà, tí o kò sọ ohun tó wà fún. Ọ̀rọ̀ méjì ni: ẹ̀tù òkú. O sọ ìkíní, o gbé ìkejì mì.

Má wo ọ̀nà. Lará wà nínú yàrá kejì, láti àárọ̀ ló ti wà níbẹ̀, kò sí èyí tí kò gbọ́ nínú ọ̀rọ̀ tí mo sọ. Èmi kò kọ́ ọ ní ohun tí yóò ṣe. Ó ti di ẹrù rẹ̀, ó fi ṣe ìrọ̀rí.

Ọ̀la a ó jọ lọ sí Àgọ́, kí ọ̀túnla lè bá wa níbẹ̀. Ìwọ lo máa dúró níwájú wọn, ìwọ lo máa sọ pé, "Ọwọ́ mi ni mo fi gbé e, inú agbọ̀n ẹja ni mo fi í sí, baba ìyàwó mi ni mo gbé e wá fi sin." Èmi á kúnlẹ̀ sí ẹ̀yìn rẹ, mi ò ní í la ẹnu. Bí wọ́n bá ní kí ìwọ náà dúró sọ́dọ̀ àwọn, dúró. Ẹja rẹ kò ní í jẹrà, mo mọ ọ̀nà Ìwọ̀pin.

Adémúyìwá ní kí n bo baba, mo ti bò ó, mo sì ti rẹ́ ilẹ̀ rẹ̀. Ihò ẹ̀gbẹ́ ilẹ̀kùn yẹn ni mi ò dí. Ìwọ lo gbẹ́ ẹ lẹ́ẹ̀kíní, bóyá ìwọ náà lo gbẹ́ ẹ lẹ́ẹ̀kejì. Bí ìwọ àti ẹ̀gbọ́n mi bá jọ padà, kí ẹ jọ dí i. Bó bá jẹ́ pé ìwọ nìkan lo padà, Nọ́fíù, ẹnu ọ̀nà tí o kọ́kọ́ dúró sí yẹn, má kọjá ibẹ̀.