Ìwé Tó Sọ̀rọ̀ Àwọn Alágbẹ̀dẹ

Nígbà tí Faransé ṣì ń ṣàkóso wa, mo jókòó ti olùkọ́ kan àti ìyá rẹ̀ nínú ọkọ̀ akẹ́rù tó ń ti Savalou lọ sí Bantè, mo sì gbọ́ ohun tí wọ́n ń bá ara wọn sọ.

Ìyá ní, "Mo ti sọ fún ọ, àbúrò rẹ obìnrin kò ní í lọ sí ilé ẹ̀kọ́ kankan. Ìwọ lọ, o dé, o ní àwọn baba wa ò mọ nǹkan kan kí òyìnbó tó dé. Alágbẹ̀dẹ ni baba rẹ. Ó gbọ́ ọ, ọ̀rọ̀ náà sì dùn ún títí ó fi kú."

"Ohun tí wọ́n kọ́ mi ni mo sọ, Ìyá. Ṣùgbọ́n ẹ wo ìwé tí mo rà yìí. Ó ní àwọn aláwọ̀ dúdú ti ń yọ́ irin láti inú òkúta láyé àtijọ́, kò sì sí òyìnbó kankan lọ́dọ̀ wọn. Ó ní ó yẹ kí gbogbo ayé dúpẹ́ lọ́wọ́ wọn."

"Ṣé ó dárúkọ ìlú wa?"

"Rárá o. Ṣùgbọ́n iṣẹ́ Baba ló ń sọ."

Obìnrin náà mí kanlẹ̀. "Àwọn tó ń kọ̀wé ti rí wa," ó wí. Ó tún un sọ jẹ́jẹ́, bí ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ sọ ẹrù kalẹ̀: "Wọ́n ti rí wa."

"Ẹ forí jì mí, Ìyá."

"Baba rẹ ni kí o bẹ̀. Tí a bá délé, lọ sí ojú oórì rẹ̀, kí o ka ìwé náà sókè fún un. Lẹ́yìn náà, kí o wá mú àbúrò rẹ lọ sí ilé ẹ̀kọ́."