Iṣẹ́ Tí Kóòṣì Ivano Rán Mi

Ẹ̀yin ará mi, ó pẹ́ tí mo ti ń kọ́ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ní kọ́lẹ́ẹ̀jì bí a ṣe ń gbé àríyànjiyàn kalẹ̀, ohun tí mo sì máa ń sọ fún wọn ni pé kí wọ́n kọ́kọ́ sọ kókó ọ̀rọ̀, kí àlàyé tó tẹ̀ lé e. Kókó ọ̀rọ̀ tèmi nìyí: Kóòṣì Ivano kò jẹ̀bi ohun tí ẹ tìtorí rẹ̀ lé e lọ. Èmi, Joel, akọ̀wé yín, ni mo jẹ̀bi rẹ̀. Ó ti rẹ̀ mí. Ó rẹ̀ mí láti máa gbé ọ̀rọ̀ yìí kiri, ó sì rẹ̀ mí jù láti máa fi ọgbọ́n ìwé rẹ̀ ẹ́ lẹ́kún kí ó lè sùn.

Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ irú ènìyàn tí ọkùnrin náà jẹ́, nítorí bí ẹ kò bá mọ̀ ọ́n, ẹ kò ní mọ bí ohun tí mo ṣe ti burú tó. Ọmọ Ítálì ni. Aṣọ́lé nínú bọ́ọ̀lù ẹlẹ́sẹ̀ ni nígbà èwe rẹ̀, ṣùgbọ́n kì í ṣe fún àwọn ẹgbẹ́ ńláńlá tí ẹ ń wò lórí tẹlifíṣọ̀n. Àwọn ẹgbẹ́ ìlú kéékèèké, ní ìpele kejì àti ìkẹta, ni ó ń ṣọ́lé fún, níbi tí òjò ti ń pa òǹwòran tí owó oṣù sì ń pẹ́ kí ó tó dé. Ó sọ fún mi nígbà kan pé, "Atamátàsé lè ṣì í láti àárọ̀ kí wọ́n sì gbé e jó nírọ̀lẹ́. Aṣọ́lé ṣì í lẹ́ẹ̀kan péré, ìlú kò ní gbàgbé." Ní ọjọ́ Àìkú kan, orúnkún ẹnìkan kàn án lórí. Akọ́nimọ̀ọ́gbá rẹ̀ na ìka sókè, ó ní kí ó kà á. Ó kà á bí ó ti yẹ, wọ́n sì dá a padà sójú àwọ̀n. Títí di òní, kò rántí ìyókù ìdíje náà. Láti ọjọ́ yẹn ni ìmọ́lẹ̀ ti ń gún un lójú, tí bọ́ọ̀lù kan tó ń bọ̀ lókè a sì di méjì. Bí ó ṣe bọ́ ìbọ̀wọ́ aṣọ́lé nìyẹn, tí ó di akọ́nimọ̀ọ́gbá. Ó fẹ́ Kamilah, sójà ará Amẹ́ríkà tó ń ṣiṣẹ́ nílùú wọn nígbà náà. Nígbà tí wọ́n dá Kamilah padà sí ibùdó àwọn ọmọ ogun òfuurufú, àwọn méjèèjì kó wá sí Camp Springs níbí ní Maryland, àwa òbí sì gbà á pé kí ó máa kọ́ àwọn ọmọbìnrin wa.

Ẹ óò rántí ariwo rẹ̀ lórí pápá: "Tẹ́sítà!" Orí ni wọ́n ń pè bẹ́ẹ̀ ní èdè wọn, ó ń sọ fún àwọn ọmọ pé kí wọ́n dáàbò bo orí wọn. Bọ̀dá Àkànní, alága wa, bi mí lọ́jọ́ kan pé, "Joel, iná wo ni òyìnbó yìí fẹ́ fi tẹ́sítà yẹ̀ wò láti àárọ̀? Ṣé NEPA ti dé Maryland ni?" Gbogbo wa rẹ́rìn-ín títí. Ní ọjọ́ tí a dá a lẹ́jọ́, kò sí ẹnì kankan nínú wa tó rántí ohun tó ń pariwo.

Gẹ̀ẹ́sì rẹ̀ kò rọrùn láti gbọ́, nítorí náà èmi ni agbẹnusọ láàrin òun àti àwọn òbí. Wùnmí, ìyá Tẹ́ní, ṣẹ̀ṣẹ̀ ti Ọ̀yọ́ dé nígbà náà. Bí Kóòṣì bá ti sọ̀rọ̀, Wùnmí á ní "Yẹ́ẹ̀sì, Kóòṣì," á wá yíjú sí mi: "Bọ̀dá Joel, ẹ jọ̀ọ́, kí ni wọ́n ń wí? Gẹ̀ẹ́sì tiwọn dà bí ẹni ń kọrin." Tẹ́ní ni aṣọ́lé kan ṣoṣo tí a ní. Bísọ́lá ọmọ mi ni atamátàsé.

Ní ọjọ́ Ìṣẹ́gun, nígbà tí ìdíje àṣekágbá ku ọjọ́ díẹ̀, Tẹ́ní bẹ́ mọ́ bọ́ọ̀lù níbi ìdánrawò, orí rẹ̀ sì gbá òpó àwọ̀n. Ó dìde, ó gbọn ara rẹ̀, ó wá béèrè pé ẹgbẹ́ wo ni à ń bá gbá. Àwọn ọmọ rẹ́rìn-ín. Kóòṣì kò rẹ́rìn-ín. Ó fà mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan: "Purofẹ́sọ̀, ọmọ yìí kò gbọdọ̀ gbá bọ́ọ̀lù. Sọ fún ìyá rẹ̀ pé kí ó gbé e lọ sílé ìwòsàn lónìí. Bí nǹkan bá tún kàn án lórí, ó lè kú. Ikú, o gbọ́? Sọ ọ́ bí mo ṣe sọ ọ́." Mo ní mo gbọ́. Mo sì gbọ́ ọ ní tòótọ́. Ṣùgbọ́n mo mọ̀ pé àwọn tó ń wá agbábọ́ọ̀lù fún yunifásítì kan ń bọ̀ ní ọjọ́ Àbámẹ́ta láti wo Bísọ́lá, mo sì mọ̀ pé láìsí aṣọ́lé, a kò ní ìdíje kankan tí wọn yóò wò.

Mo gbé Tẹ́ní lọ pàdé ìyá rẹ̀ ní ibùdókọ̀ ojú irin ní New Carrollton. Kí a tó débẹ̀, ọmọ náà ti sùn lọ lẹ́yìn ọkọ̀.

"Bọ̀dá Joel, kí ló dé tó fi sùn báyìí?"

"Ó rẹ̀ ẹ́ ni. Orí rẹ̀ kan òpó díẹ̀."

"Orí kẹ̀! Kí ni Kóòṣì wí?"

"Ó ní kí ó máa rọra ṣe."

"Ṣé kò séwu ṣá?"

"Wùnmí, bí ewu bá wà, ṣé èmi ni màá fi pamọ́ fún ọ?"

"Háà, ẹ má bínú, sà. Bí ẹ ṣe ń bá mi tọ́jú ọmọ yìí, Ọlọ́run á bá yín tọ́jú Bísọ́lá."

Mo ṣe àmín. Ẹnu yìí náà ni mo fi ṣe é.

Àwọn àgbà ní bí a bá rán ni níṣẹ́ ẹrú, a fi tọmọ jẹ́ ẹ. Òwe yìí ni mo sá sábẹ́ rẹ̀. Mo sọ fún ara mi pé n kò parọ́, pé ṣe ni mo kàn rọ ọ̀rọ̀ tó le, bí ọmọlúàbí ti ń ṣe. Ṣùgbọ́n ohùn tí a fi ń jẹ́ iṣẹ́ ni òwe náà ń tún ṣe, kò ní ká paná kókó rẹ̀. Ẹni tí wọ́n ní kí ó lọ sọ pé ilé ń jó, tí ó lọ sọ pé ooru mú díẹ̀, kò fi tọmọ jẹ́ ẹ. Mo mọ ìyàtọ̀ yìí. Òun ni mo fi ń jẹun.

Ní ọjọ́ Ẹtì, Kóòṣì bi mí pé dókítà ńkọ́. Mo ní dókítà ti yẹ̀ ẹ́ wò, kò sì rí nǹkan kan.

"O fi etí ara rẹ gbọ́ ọ?"

"Etí ara mi ni."

Ó ní, "Ó dára. Ìwọ kì í sọ̀rọ̀ láìrò ó."

Ní ọjọ́ Àbámẹ́ta, Bísọ́lá gbá bọ́ọ̀lù wọ àwọ̀n kí a tó lọ fún ìsinmi. Mo rí ọ̀kan nínú àwọn ará yunifásítì náà tó ń mi orí pé ó tẹ́ òun lọ́rùn. Ẹ jẹ́ kí n jẹ́wọ́ èyí pẹ̀lú: inú mi dùn dé ibi pé mo gbàgbé Tẹ́ní. Lẹ́yìn ìsinmi, bọ́ọ̀lù kan wá láti igun pápá. Tẹ́ní fò sókè, ó sì mú un mọ́wọ́. Ìgbúnwọ́ ọmọ kan kàn án lórí, kò sì le rárá. Ọmọ mìíràn ì bá kàn gbọn orí kí ó máa bá eré lọ. Tẹ́ní ṣubú, bọ́ọ̀lù ṣì wà láyà rẹ̀, kò dìde. Kóòṣì ni ó kọ́kọ́ dé ọ̀dọ̀ rẹ̀. Nígbà tí ó gbójú sókè, èmi ni ó ń wò.

Nígbà tí ọmọ náà ṣì wà nílé ìwòsàn tí kò dá ìyá rẹ̀ mọ̀, a pàdé nínú gbọ̀ngàn yìí. Kóòṣì ní òun rán mi. Bọ̀dá Àkànní yíjú sí mi: "Joel, ìwọ la mọ̀ ní olóòótọ́ níbí. Kí ni ọkùnrin yìí rán ọ?" Mo dìde, mo tún táì mi ṣe, mo ní, "Ó ní kí ọmọ máa rọra ṣe." Wùnmí bú sẹ́kún: "Òótọ́ ni, ẹ̀yin àgbà. Bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ ni Bọ̀dá Joel jẹ́ ẹ fún mi. Ká ní wọ́n sọ pé ewu ni, ṣé mi ò ní gbé ọmọ mi dìgbàdìgbà lọ sílé ìwòsàn?" Kò parọ́ kankan. Òtítọ́ rẹ̀ ni mo fi de aláìṣẹ̀ lókùn. Kóòṣì, tí kò gbọ́ Yorùbá, tẹ̀ sí mi: "Purofẹ́sọ̀, kí ni ìyá wí?" Nínú gbogbo ohun tí mo ti ṣe láyé, èyí ni ó burú jù: mo túmọ̀ rẹ̀ fún un. Mo ní, "Ó ní o kò sọ fún òun pé ewu wà." Ó bi mí pé, "Dókítà tí o ní ó yẹ̀ ẹ́ wò ńkọ́?" Mo ní n kò rántí pé mo sọ bẹ́ẹ̀. Kò pariwo. Ó bọ́ fèrè ọrùn rẹ̀, ó gbé e sórí tábìlì, ó sì jáde.

Ẹ lé e. Àjọ tó ń darí bọ́ọ̀lù àwọn ọmọdé kà á léèwọ̀ fún un láti kọ́ ọmọ kankan mọ́. Iṣẹ́ rẹ̀ báyìí ni kí ó máa fi ọ̀dà funfun fa ìlà sórí pápá tí àwọn ẹlòmíràn yóò ti kọ́ni. Bísọ́lá gba ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ ní yunifásítì náà.

Ní oṣù tó kọjá, lẹ́yìn iṣẹ́ abẹ ọkàn mi, dókítà bá Níkẹ́ ìyàwó mi sọ̀rọ̀ nígbà tí mo ṣì ń sùn. Mo jí, mo bi í. Ó ní, "Wọ́n ní kí ẹ máa rọra ṣe." Bí ó ti sọ ọ́ báyẹn, mo mọ̀ pé mò ń kú lọ. Kí ilẹ̀ tó ṣú, Níkẹ́ ti sunkún sọ òótọ́ fún mi, nítorí ìfẹ́ ni ó fi pa á mọ́, ìfẹ́ kò sì jẹ́ kí ó lè pa á mọ́ pẹ́. Èmi pa tèmi mọ́ fún ọdún mẹ́rin.

Mo lọ bá Kóòṣì lórí pápá. Ó fa ìlà tó wà níwájú rẹ̀ dé òpin kí ó tó dá mi lóhùn. "Tẹ́ní ńkọ́?" Mo ní ó ti ń rìn, ó ti ń sọ̀rọ̀, bó tilẹ̀ ń pẹ́. Mo kúnlẹ̀. Ó ní, "Dìde. Èmi ti mọ̀ tẹ́lẹ̀. Lọ sọ fún àwọn tó gbà ọ́ gbọ́."

Ìdí nìyí tí òun àti Kamilah fi jókòó lẹ́yìn níbẹ̀ yẹn. Bísọ́lá ló ń túmọ̀ fún un. Mo ti kìlọ̀ fún ọmọ mi pé kí ó má yọ ọ̀rọ̀ kan, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé baba rẹ̀ ni ọ̀rọ̀ náà ń tú sí ìhòòhò. Mo bẹ̀ yín, ẹ bá mi lọ síwájú àjọ náà kí ọwọ́ mi tó rọ, kí wọ́n lè dá orúkọ rẹ̀ padà fún un. Ẹ̀yin ọ̀dọ́, ẹ ṣọ́ra fún irọ́ tó bá wọ aṣọ ìwà pẹ̀lẹ́. A kì í tètè dá a mọ̀, ẹni tó pa á gan-an a sì máa ṣe bí ẹni pé òun kò dá a mọ̀.

Wùnmí, Tẹ́ní, n kò ní ẹnu tí mo lè fi tọrọ àforíjì, ṣùgbọ́n mo tọrọ rẹ̀. Ẹ̀yin ará, ẹ má tíì dá mi lóhùn. Mo rí i pé Tẹ́ní ti na ọwọ́ sókè. Bóyá èébú ló fẹ́ bú mi, n kò mọ̀. Ọ̀rọ̀ máa ń pẹ́ lẹ́nu rẹ̀ báyìí, ó sì ti mọ́ gbogbo wa lára láti máa bá a parí rẹ̀. Ẹ jọ̀wọ́, lónìí, ẹ jẹ́ kí a dákẹ́, bí ó ti wù kí ó pẹ́ tó, títí yóò fi sọ ọ́ tán fúnra rẹ̀.