Tábà Tí Mo Wọ́n Sórí Òkú Íjíbítì

Dírẹ́bà, biko, chere! Jọ̀ọ́, dúró, má tíì gbéra. Ẹ̀yin èrò ọkọ̀, ẹ jẹ́ n tú u jáde kó tó pa mí. Kò sí òpùrọ́ tó tó mi ní gbogbo àdúgbò Odoakpu, ẹ béèrè, ṣùgbọ́n òótọ́ ni màá sọ lónìí. Èmi Ṣàfíù ni mò ń ṣọ́ ilé ohun àtijọ́ ọ̀gá kan ní Nkpor. Òkú gbígbẹ kan wà níbẹ̀ tí wọ́n gbé wá láti Íjíbítì. Ọ̀gá ní kẹ́nikẹ́ni má fọwọ́ kàn án. Kòkòrò wá ń jẹ aṣọ tí wọ́n fi wé e, kòkòrò tó sanra bí ewúrẹ́! Ewé tábà gbígbẹ ni ìyá mi máa ń tò sídìí àpò ẹ̀wà lọ́jà Ose Okwodu, kí kòkòrò má baà wọ̀ ọ́. Èmi ọlọ́gbọ́n, mo gbé díẹ̀ níbẹ̀, mo gún un kúnná, mo wọ́n ọn sórí òkú, títí wọ inú irun. Kòkòrò sá lọ. Mo panu mọ́.

Làwọn onímọ̀ bá dé, awò ojú wọn nípọn bí ìdí ìgò. Wọ́n gé irun òkú lọ yẹ̀ wò. Ìgbà tí wọ́n padà, ọ̀kan ń fò sókè: “Tábà! Amẹ́ríkà nìkan ló ń hù sí láyé ìgbà yẹn! Àwọn ará Íjíbítì ti la òkun kọjá!” Wọ́n ní wọ́n ti rí irú ẹ̀ lára òkú míì nílùú òyìnbó, wọ́n sì ń jiyàn lé e lórí títí dòní. Ẹ̀rín fẹ́ẹ̀ pa mí. Òkun wo? Kẹ̀kẹ́ ni mo fi gbé e láti Ose! Àwọn dìndìnrìn.

Àfi Dókítà Adétóyìn, obìnrin kan nínú wọn, tó pè mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan: “Ṣàfíù, ṣé kò sẹ́ni tó da nǹkan sí i lára?” Mo rí iṣẹ́ mi tó ń bọ́ lọ. Ẹnu mi, ẹnu ìgbẹ́! Mo ní, “Mà, Ìyá Zàhrát tó ń gbálẹ̀ máa ń fa áṣáà símú o.”

Ìyá Zàhrát náà rèé, ní ìjókòó ẹ̀yìn ọkọ̀ yìí. Wọ́n lé e lẹ́nu iṣẹ́ lọ́jọ́ náà. Ó ní, “Ṣàfíù, ìwọ tí mò ń bu oúnjẹ fún? Wò mí lójú.” Ẹ mọ ohun tí mo sọ? “Màmá, ẹ dín áṣáà kù.” Mo sì rẹ́rìn-ín. Látìgbà náà ni wọ́n ti ń pe ọmọ ẹ̀ ní Ọmọ Afáṣáà-fókùú ládùúgbò, títí ọmọ fi kọ̀ tí ò jáde mọ́.

Ẹ̀yin ọmọ tó ń yọ ṣùtì sí mi lójú fèrèsé, ẹ yọ ọ́ dáadáa. Mo pe àwọn alákọ̀wé ní dìndìnrìn. Wọ́n ṣáà béèrè òótọ́, èmi ni mo purọ́. Màmá, ẹ sọ̀ kalẹ̀. Ká jọ lọ sí Nkpor, kí n wí i lójú ọ̀gá. Bẹ́ ẹ bá fẹ́, ẹ má dárí jì mí. Ẹ gbá mi létí lójú èrò. Ẹ ṣáà sọ̀ kalẹ̀.