Isu tí Wọ́n Fi Ń Bẹ Àna

Nínú ọkọ̀ tó ń lọ Mopa tí kò tíì kún, ní gáréèjì Kàbà, ni mo ti gbọ́ ọ̀rọ̀ yìí lẹ́nu obìnrin méjì tó jókòó níwájú mi.

Èyí àgbà kí ìkejì bí wọ́n ṣe ń kíni nílẹ̀ wọn, ó ní, "Okun o. Wọ́n ní kóòtù ti ti ọkọ ẹ mọ́lé."

"Bẹ́ẹ̀ ni, ẹ̀gbọ́n. Nígbà tó lù mí tí mo sá wálé, kóòtù ní kò gbọdọ̀ dé ilé bàbá mi títí ẹjọ́ yóò fi parí. Ló bá gbé isu wá bẹ àna. Adájọ́ ní òun ò rí isu, àṣẹ tó tẹ̀ lójú lòun rí."

"Orí ẹ mà dáa o!"

"Ẹ wo àpá tó wà lápá mi, ẹ̀gbọ́n. Ṣé orí tó dáa nìyí?"

"Mo ní irú àpá bẹ́ẹ̀ lẹ́yìn. Mò ń jowú ẹ ni, mi ò ní purọ́. Isu ni ọkọ tèmi náà gbé wá. Bàbá mi ní ọkùnrin tó bá mọ àna bẹ̀ kì í ṣe èèyàn burúkú. Wọ́n jẹyán tán, wọ́n ní kí n dìde, kí n máa tẹ̀lé ọkọ mi."

Èyí tó kéré bi í pé, "Ta ló gún iyán náà?"

"Èmi ni mo gún un."