Ojú Ìwé Kan Tó Wà Nínú Àpótí Mi

Ẹ̀yin tí ẹ máa ka èyí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má tíì bú mi. Ọdún méjì ni mo ti ń gbé ọ̀rọ̀ yìí sáyà. Ǹ bá gbé e wọ sàréè, àfi bí ẹni tí ọ̀rọ̀ kàn ṣe dé bá mi níbi iṣẹ́.

Àwọn arúgbó ni mò ń tọ́jú ní ilé ìtọ́jú kan ní Wythenshawe, ní ìlú òyìnbó níbí. Bàbá òyìnbó kan wà níbẹ̀ tí wọ́n ń sún mọ́ ọgọ́rùn-ún ọdún. Baba ni mò ń pè wọ́n, wọ́n sì fẹ́ràn rẹ̀. Nígbà Ogun Hítílà, inú ọkọ̀ òfuurufú ẹlẹ́ni mẹ́rin tó ń ju bọ́ǹbù ni Baba wà. Baba fúnra wọn ló ń tẹ bọ́tìnì tí bọ́ǹbù fi ń já bọ́.

Ọkùnrin kan ń kọ ìtàn ikọ̀ ọmọ ogun tí Baba wà nígbà náà, ó ní kí Baba kọ ohun tí wọ́n bá rántí. Ojú ìwé kan péré ni Baba kọ. Wọ́n gbé e fún mi pé kí n bá àwọn fi ránṣẹ́. Mo kà á.

Ohun tí Baba kọ nìyí: lọ́jọ́ kan nígbà ogun náà, ìkùukùu bo ilẹ̀. Ẹni tó ń wo máàpù nínú ọkọ̀ wọn kígbe pé, “A ò tíì débẹ̀, dúró!” Ẹ̀rù ti ba Baba, wọ́n tẹ bọ́tìnì. Orí abúlé kan ni bọ́ǹbù bọ́ sí, níbi tí kò sí ọmọ ogun kankan. Ẹni máàpù ni àwọn ọ̀gá dá lẹ́bi. Wọ́n gbé e lọ sínú ọkọ̀ mìíràn, ọkọ̀ náà kò sì padà. Baba dákẹ́.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbà mí gbọ́, n kò ní èrò ibi. Bí wọ́n ṣe tọ́ mi dàgbà n'Ísẹ́yìn, tí ìtìjú bá bá àgbàlagbà, ọmọ tó bá wà nítòsí ní láti bò ó mọ́lẹ̀. Mo fi ìwé náà sábẹ́ aṣọ nínú àpótí mi. Láràárọ̀ ni Baba ń béèrè pé, “Ṣé o ti fi ránṣẹ́?” Èmi náà á ní, “Mo ti bá yín fi ránṣẹ́, Baba.” Lọ́jọ́ kan wọ́n mí kanlẹ̀, wọ́n ní ọkàn àwọn ti wá balẹ̀. Ọ̀sẹ̀ yẹn náà ni wọ́n kú.

Ìwé ìtàn jáde, wọ́n yin Baba níbẹ̀ gan-an. Wọ́n ní ẹni máàpù ló pa àwọn ará abúlé.

Lóṣù tó kọjá, ìyá arúgbó kan dé láti Oldham. Ọmọ ẹni máàpù ni. Inú ìyá wọn ni wọ́n ṣì wà nígbà tí bàbá wọn kú. Ìyá fúnra wọn ló bẹ̀bẹ̀ pé ọ̀dọ̀ wa ni kí wọ́n gbé àwọn wá. Wọ́n ní àwọn gbọ́ pé ibẹ̀ ni Baba kú sí, bóyá Baba sọ nǹkan fún ẹnìkan.

Ojú wọn ò ríran mọ́. Láràárọ̀, tí mo bá ti wẹ̀ wọ́n tán, wọ́n á ní kí n ka ibi tí ìwé ìtàn náà ti dárúkọ bàbá wọn. Ẹnu mi yìí ni mo fi ń kà á. Lánàá, wọ́n di ọwọ́ mi mú, wọ́n ní, “Ṣé o rò pé lóòótọ́ ló ṣe é?” Mo ní n kò mọ̀.

Mo sọ fún ọkọ mi. Ó ní, “Ṣé o fẹ́ kí wọ́n cancel visa wa ni? Jọ̀ọ́, burn that paper!” Mo ti ṣáná lẹ́ẹ̀mejì láti sun ún, mo sì tún fẹ́ iná náà pa. Ẹ̀rù ara mi ti wá ń bà mí, torí bí Baba ṣe dákẹ́ lèmi náà ń dákẹ́.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi dá sí i. Dókítà ní ìyá ò ní pẹ́ jáde láyé. Èmi ni mo máa wẹ̀ wọ́n láàárọ̀ ọ̀la, wọ́n á sì ní kí n kàwé fún àwọn. Èwo ni kí n kà? Ṣé tinú ìwé ìtàn náà ni, àbí tinú àpótí mi?