Ẹ̀ẹ̀keje Tí Ẹnu Máa Ya Jeremy

Ẹ̀gbọ́n Àrìnkẹ́, ẹ rọra fa irun yẹn jàre, orí ti ń fọ́ mi tẹ́lẹ̀! Ẹ gbọ́ ohun tí ojú mi rí lónìí ní Matteson tá a ti ń ya fíìmù! Wọ́n tún ní kí Jeremy pariwo tó bá rí mi! Fíìmù mẹ́fà, ẹ̀gbọ́n mi! Màá ṣílẹ̀kùn jáde, Jeremy á figbe ta, á ṣubú lu àga, pé òun ò mọ̀ pé ọkùnrin ni wọ́n pè mí nígbà tí wọ́n bí mi. Jeremy tá a jọ ń ṣeré, tá a jọ ń jẹun ọ̀sán! Jeremy tó mọ̀ pé ẹsẹ̀ ń dun ìyá mi! Ṣé asẹ́ ni orí ẹ̀ ni?

Ẹ má wò mí bẹ́ẹ̀. Fíìmù àgbàlagbà, oníhòòhò, ni mò ń ṣe, mi ò fi pa mọ́ fún yín rí, iṣẹ́ ò dẹ̀ tì mí lójú. Ohun tó ń dùn mí ni pé mi ò lórúkọ níbẹ̀! Jessica tó ń darí wa, "Ẹni Ìyàlẹ́nu" ló máa ń kọ síwájú ọ̀rọ̀ mi nínú ìwé eré. Ajá inú fíìmù kẹta lórúkọ o! Èmi tí mo fọwọ́ ara mi yan Ìbùkúnọlá, mi ò tó ajá?

Mo bẹ̀ ẹ́ pé kó sọ mí di nọ́ọ̀sì, tàbí ẹni tó wá ra ilé. Ó ní ìyàlẹ́nu làwọn òǹwòran ń fẹ́. Ó dáa.

Wọ́n tan kámẹ́rà lónìí, mo ṣílẹ̀kùn, àṣé wọ́n ti mú bàbá arúgbó kan wá, tó máa ṣe onílé. Irun wọn funfun báláú! Orúnkún mi ò dúró gba àṣẹ, mo kúnlẹ̀ gbì, tòun ti táwẹ́ẹ̀lì tí mo ró. "Ẹ káàsán, sà!" Ṣé kí n nàró lójú àgbà ni? Bàbá rẹ́rìn-ín, wọ́n bi mí lórúkọ, mo sọ ọ́. Wọ́n ní orúnkún ń dun àwọn, mo ní kí wọ́n máa fi omi gbígbóná jó o. Jeremy gbàgbé ariwo, ó ń sọ ti ìyá tiẹ̀ náà!

Ni Jessica bá figbe bọnu pé mo ti ba fíìmù jẹ́, pé ẹnu ò ya ẹnikẹ́ni! Pé tí mi ò bá ní ṣe ti tẹ́lẹ̀ lọ́la, kí n jókòó sílé. Mo ní, láìjẹ́ pé ẹ pè mí lórúkọ, mi ò ní ṣílẹ̀kùn kankan mọ́ ní gbogbo Chicago. Ẹkún ni mo sun dé Homewood níbí.

Ẹ dúró, fóònù mi. Jessica ni. Yé! Bàbá yẹn ní àwọn ò ní ṣe fíìmù kankan tí Ìbùkúnọlá ò bá sí níbẹ̀! Wọ́n ti kọ orúkọ mi sínú ìwé eré! Èmi gan-an ni wọ́n sọ di onílé! Ó ní Jeremy á kanlẹ̀kùn, màá ṣí i, màá rí i, màá wá... màá pariwo? Màá ṣubú lu àga? Nítorí Jeremy?

Hà-hà-hà! Ẹ di irun yìí kó le dáadáa, ẹ̀gbọ́n mi. Mi ò ní pariwo kankan. Màá ní, "Jeremy, wọlé, ṣé o ti jẹun?"