Igbe Tó Wà ní Ìparí Àwo Orin Wa

Ẹ má rẹ́rìn-ín. Mo mọ̀ pé ohun tí ẹ máa kọ́kọ́ ṣe nìyẹn, torí bí èmi, Kel Duggan apanilẹ́rìn-ín, bá ti la ẹnu, kódà kó jẹ́ ọ̀nà ilé ìtọ̀ ni mò ń béèrè, ẹ̀rín ni wọ́n fi ń dá mi lóhùn. Mo ti fi ẹ̀rín yẹn bora pẹ́. Àmọ́ ẹ̀dọ̀fóró mi ti di àkísà báyìí, dókítà ò tiẹ̀ purọ́ tù mí nínú mọ́. Ọ̀rọ̀ kan wà tí mo sin láàyè nígbà tí mo wà lọ́dọ̀ọ́, mo sì fẹ́ hú u jáde kí wọ́n tó sin ín mọ́ mi.

Ẹ mọ àwo orin Ọ̀sán Sátidé. Ta ni kò mọ̀ ọ́n? Òun ni àwo àkọ́kọ́ tí ẹgbẹ́ wa, Ọmọ Èédú, ṣe. Inú ilé ọtí Ìléru ní Port Kembla, ìlú iléeṣẹ́ irin kan, ni wọ́n ti gbà á sílẹ̀, níwájú àwọn òṣìṣẹ́ irin tí òùngbẹ ti gbẹ dé eegun. Ẹ sì mọ igbe tó wà ní ìparí rẹ̀. Gbogbo Ọsirélíà ló mọ̀ ọ́n. Ibikíbi tí a bá ti ṣeré, bí orin bá ti ń lọ sópin, àwọn èrò á gbé orí sókè bí ajá tó rí òṣùpá, wọ́n á ké e: a-à-á! Mo ti rí ọkùnrin kan tó fín in sí apá. Igbe yẹn kì í ṣe orin, ẹ̀yin èèyàn mi. Ọ̀rẹ́ mi ló ń kú.

Zoran Petkovski lorúkọ rẹ̀. Òun ló ń kọrin, òun ló tún ń ta gìtá. Èmi ń ta gìtá olóhùn nínípọn, mo sì ń ṣe ẹ̀fẹ̀ láàárín orin. Ọmọ Masidóníà ni. Bàbá rẹ̀ kú sídìí iṣẹ́ irin, ìyá rẹ̀, Màmá Slavka, ló sì ń bọ́ gbogbo wa ní ata pupa sísun àti búrẹ́dì. "Kel, o ti rù bí okùn gìtá," ni Màmá máa ń wí, "jẹun, kí atẹ́gùn má gbé ẹ lọ." Trev onílù wa á ní, "Màmá, ẹ jẹ́ kó gbé e lọ, ká lè pín tiẹ̀ jẹ." Ooru ilé ọtí yẹn kì í ṣe kékeré, kápẹ́ẹ̀tì ibẹ̀ sì máa ń mu bíà ju àwọn oníbàárà lọ. Nígbà tí Zoran dákú lẹ́ẹ̀kan láàárín orin, ìyá rẹ̀ di etí rẹ̀ mú: "Bí ooru bá mú ẹ, da omi lé orí. Mi ò ní sin ìwọ náà." Láti ìgbà náà ni jọ́ọ̀gì omi ti máa ń wà lẹ́sẹ̀ rẹ̀. Bí orin bá ti gbóná, á da omi náà sórí, ilé á sì fẹ́rẹ̀ẹ́ wó fún ariwo.

Lọ́sàn-án ọjọ́ náà, Lindsay, ọkùnrin tó ń ṣe àwo orin, kó ẹ̀rọ rẹ̀ dé láti Sydney. A ṣe ìdánwò. Ohùn kan wà lábẹ́ ohùn wa: hùn-ùn-ùn, bí aláìsàn tó ń kérora lẹ́yìn ògiri. Inú ẹ̀rọ tó ń gbé ohùn gìtá Zoran jáde ló ti ń wá. Lindsay ní, "Ṣé kí n wakọ̀ láti Sydney kí n wá gba ohùn fíríìjì sílẹ̀ ni? Bí nǹkan yẹn ò bá lọ, èmi á lọ." Trev kọjú sí mi: "Kel, ṣebí ìwọ lò ń kọ́ṣẹ́ iná níléeṣẹ́ irin. Pa á lẹ́nu mọ́!" Orí mi wú. Mo tú púlọ́ọ̀gì ẹ̀rọ náà, mo sì gé wáyà ẹ́ẹ̀tì, èyí tó ń da iná tó bá ṣìnà padà sínú ilẹ̀. Gbogbo olórin ilé ọtí ló ń gé e. Ṣùgbọ́n gbogbo olórin kọ́ ni ọ̀gá rẹ̀ ti wí fún pé, "Ẹni tó bá gé wáyà yìí, kó yáa gbẹ́ kòtò sílẹ̀." Ohùn náà dákẹ́. Ìdákẹ́jẹ́ tó wọlé kò dáa létí. Zoran wò yíká, ó ní, "Kel, kí lo ṣe? Ó dà bí ẹni pé ilé yìí ń fetí sílẹ̀." Mo ní, "Mo ti fi aláìsàn náà ránṣẹ́ sí Sydney." Wọ́n rẹ́rìn-ín. Ẹ rí ẹ̀rín?

A ṣeré, a ṣe é dáadáa. Nígbà tó ku ẹsẹ orin kan, Zoran da omi sórí, ó di okùn gìtá mú, ó sún mọ́ gbohùngbohùn, ètè rẹ̀ kàn án. A-à-á! Iná ti gbé e. Àwọn èrò rò pé eré ni, wọ́n ké e padà fún un, gbogbo ilé, bó ṣe lẹ̀ mọ́ iná tí kò lè sọ gìtá sílẹ̀. Mo fa púlọ́ọ̀gì yọ. Ó ṣubú.

Ẹ rò pé ibẹ̀ ni ẹ̀ṣẹ̀ mi parí sí? Ká ní ibẹ̀ ni, mi ò bá ti jẹ́wọ́ tipẹ́. Iléeṣẹ́ irin ti kọ́ mi bí wọ́n ṣe ń dá ẹni tí iná gbé padà: kí o tẹ̀ ẹ́ láyà, kí o mí sí i lẹ́nu. Trev ń pariwo, "Kel! Wá! Ìwọ lo mọ̀ ọ́n ṣe!" Níbo ni Kel wà? Kel wà lórí ìkúnlẹ̀ lẹ́yìn ẹ̀rọ, ó ń fi sukurudíráfà de wáyà ẹ́ẹ̀tì padà, kí ọlọ́pàá tó dé. "Mò ń bọ̀!" ni mò ń wí. "Mò ń bọ̀!" Nígbà tí mo dé, tí mo fi ẹnu kan ẹnu rẹ̀, ńṣe ló dà bí ẹni tó ń fẹ́ atẹ́gùn sínú ìgò òfìfo.

Wọ́n yẹ púlọ́ọ̀gì wò, kò lábùkù. Mo purọ́ fún adájọ́ pé, "Mo kìlọ̀ fún un kó yé da omi sára." Adájọ́ ní omi ló pa á. Màmá Slavka dìde lẹ́yìn: "Èmi ni. Èmi ni mo ní kó máa da omi." Mo gbọ́ ọ. Mo wo bàtà mi. Láti ọjọ́ náà, Màmá kò gbé jọ́ọ̀gì sórí tábìlì mọ́. Lindsay ní, "Igbe yẹn ló máa ta àwo náà," ó sì tà wìtìwìtì, a kọ́lé, a ra mọ́tò. Ṣùgbọ́n ẹ tẹ́tí sí i lẹ́yìn igbe náà. Mo ti fa iná yọ nígbà yẹn, síbẹ̀ ẹ máa gbọ́ ọ: hùn-ùn-ùn. Lindsay pa á rẹ́ títí, kò parẹ́. Ó ti wá wà nínú eyín mi báyìí.

Nígbà tí a ń ṣe àjọ̀dún àwo náà ní Ìléru lẹ́nu àìpẹ́ yìí, wọ́n gbé Màmá Slavka jókòó síwájú, àgbàlagbà tí kò fi bẹ́ẹ̀ gbọ́ràn mọ́, Vesna ọmọ-ọmọ rẹ̀ dì í lọ́wọ́ mú. Ẹ̀rọ àtijọ́ tí Zoran lò wà lórí ìtàgé fún ìrántí, wáyà púlọ́ọ̀gì rẹ̀ ká jọ lórí rẹ̀. Mo gba gbohùngbohùn, mo ní, "Èmi ni mo pa Zoran." Ẹnì kan wá ní, "Kel tún ti bẹ̀rẹ̀!" Ẹ̀rín bú. Mo lọgun, "Mo gé wáyà ẹ́ẹ̀tì!" Wọ́n ní, "Tún un gé!" Màmá Slavka wo ọ̀tún, ó wo òsì, ó rí i pé gbogbo ènìyàn ń rẹ́rìn-ín, òun náà bá rẹ́rìn-ín, ó sì pàtẹ́wọ́ fún mi. Wọ́n wá gbé orí sókè, wọ́n ké e. Nígbà tí wọ́n panu dé, ohùn náà kù nílẹ̀: hùn-ùn-ùn. Inú ẹ̀rọ Zoran ló ti ń wá, ẹ̀rọ tí wọn kò so mọ́ iná kankan.

Ìdí tí mo fi ń kọ ọ́ nìyí, torí mi ò lè fi ẹnu apanilẹ́rìn-ín sọ ọ́. Ẹ̀yin ọ̀dọ́ tí ẹ ń gbé gìtá kiri ilé ọtí, bí ẹ̀rọ yín bá ń kùn, ẹ jẹ́ kó máa kùn. Ẹ̀yin tí ẹ ní àwo náà nílé, bó bá dé ìparí, ẹ má dá a lóhùn mọ́. Vesna, kà á fún ìyá àgbà ní èdè yín, jẹ́jẹ́. Bí wọ́n bá rẹ́rìn-ín, tún un kà. Màmá, ẹ dárí jì mí bí ẹ bá lè ṣe é, bí ẹ ò bá lè ṣe é, mo gbà. Ṣùgbọ́n ẹ gbé jọ́ọ̀gì padà sórí tábìlì. Kì í ṣe omi. Èmi ni.